Àpótí Ìmọ̀: Ọkọ̀ Kọ́tà

Kọ́tà ni ọkọ̀ onígbòkun tó ní òpó kan, tí ìgbòkun méjì sì wà níwájú òpó náà, yàtọ̀ sí ìgbòkun ńlá ẹ̀yìn. Òpó kan náà ni ọkọ̀ sílúùpù ní, àmọ́ ìgbòkun kan ló ń ta níwájú. Òpó méjì ni ti ọkọ̀ kẹ́ṣì.

Àpẹẹrẹ: Jolie Brise, kọ́tà tí wọ́n kàn ní Le Havre, ilẹ̀ Faransé, ní 1913, ló gba ipò kìíní nínú ìdíje Fastnet àkọ́kọ́ ní 1925. Bí afẹ́fẹ́ bá le, atukọ̀ kọ́tà lè ká ìgbòkun tó jìnnà sí òpó, kí ó fi èyí tó sún mọ́ ọn sílẹ̀. Ọkọ̀ kò ní tẹ̀ jù. Wàhálà rẹ̀ ni okùn tó pọ̀.

Bí wọ́n bá ní kí o dá kọ́tà mọ̀ nínú ìdánwò, má wo òpó nìkan. Ka ìgbòkun iwájú.