Ojú Àlejò ní Mákòkó

Àwọn baba wa ní àlejò lójú, ṣùgbọ́n kò fi ríran. Ọ̀rọ̀ náà kò sì bá ẹnikẹ́ni wí tó ọ̀dọ́ tí ó gbé kámẹ́rà kọ́ èjìká, tí ó fẹ́ fi yíya fíìmù ìgbésí-ayé ènìyàn ṣe iṣẹ́ jẹun. Ní Èkó àkéte, ìlú ọgbọ́n, àwọn Ẹ̀gùn apẹja kọ́lé lé òpó lórí ọ̀sà ní Mákòkó; ẹni tí ń kọjá lórí afárá Third Mainland a rí èéfín wọn, a sì rò pé òun ti rí wọn.

Ní 2010, BBC ṣe fíìmù alápá mẹ́ta, Welcome to Lagos, tí ó dé Mákòkó. Inú bí ìjọba wa, Wọlé Ṣóyínká náà sì bẹnu àtẹ́ lù ú. Ní tèmi, alákínkanjú ni àwọn tí ó sọ̀rọ̀ nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ní oṣù keje 2012, ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó fún àwọn ará Mákòkó ní wákàtí 72, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í wó ilé wọn. Èmi kò sọ pé fíìmù náà ni ó fà á o. Síbẹ̀, níbi tí ilé ènìyàn ti rọrùn láti wó bẹ́ẹ̀, àwòrán ìdọ̀tí lásán, tí a kò mọ orúkọ àti iṣẹ́ ẹni tí ń gbé inú rẹ̀, ẹ̀rí ni lọ́wọ́ ẹni tí ń wá ìdí láti wó o.

Ohun tí a bá fẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́. Kí baálẹ̀ kí o tó yọ kámẹ́rà. Wá ẹni tí ó gbọ́ Ẹ̀gùn, nítorí Yorùbá tí ìyá ẹlẹ́ja fi ń ná ọjà kọ́ ni ó fi ń tu ọmọ rẹ̀ nínú. Jókòó ti ààrò ẹja rẹ̀ títí yóò fi gbàgbé pé àlejò ni ọ́. Kì í ṣe gbogbo ohun tí ojú bá rí ni ẹnu ń sọ: kámẹ́rà kò ní ìtìjú, ìwọ ni kí o ní in fún un.

Wo Fẹ́mi Ọdúgbèmí, ọ̀kan nínú àwọn tí ó dá àjọ̀dún fíìmù i-Rep sílẹ̀: nínú fíìmù rẹ̀, Bariga Boy, ní 2009, ọkùnrin kan ṣoṣo, Ṣẹ́gun Adéfila ti ẹgbẹ́ òṣèré Crown Troupe, ni ó tẹjú mọ́, gbogbo àdúgbò Bàrígà ní Èkó sì hàn lára rẹ̀. Owó iṣẹ́ yìí kì í tètè dé. Fi yíya ìgbéyàwó bọ́ ara rẹ, má ṣe gba owó ẹni tí ó ti pinnu ohun tí fíìmù rẹ yóò sọ. Bí o bá sì parí, kí o tó gbé e lọ sí òkè òkun, gbé e padà sórí omi, kí ẹni tí o yà wò ó pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀; ohun tí ó bá ní kí o yọ, yọ ọ́, ìbáà jẹ́ ibẹ̀ ni ó dùn jù.