ṢÉ ÀYÍKÁ WA LÈ GBA ỌKỌ̀ ASÁRÉ? BÍ A ṢE LÈ ṢÍRÒ RẸ̀ NÍNÚ ILÉ

 

Ìbéèrè kan tí bàbá kan bi mí ní dìsípẹ́ńsárì wa ní Àjàṣẹ́-Ìpo ni mo fẹ́ dáhùn lọ́sẹ̀ yìí, nítorí mo mọ̀ pé kì í ṣe òun nìkan ni ọ̀rọ̀ náà kàn. Ọmọ rẹ̀ tó ń ṣiṣẹ́ ní Èkó fẹ́ ra ọkọ̀ asáré, èyí tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní spọ́ọ̀tì: ọkọ̀ pẹlẹbẹ oníjòkòó méjì, tí ẹ́ńjìnnì rẹ̀ lágbára bíi ti àjà. Àwọn ará ilé ń bá ọmọ náà wí pé irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ń ba àyíká jẹ́. Ọmọ náà fèsì pé tòkunbọ̀ ògbólógbòó tí bàbá òun fi ń ná ọjà ló ń ba àyíká jẹ́ ju tòun lọ. Bàbá wá ní, "Nọ́ọ̀sì, nínú àwa méjèèjì, ta ló jàre?"

Ìbéèrè tó dára ni. Ariyànjiyàn kò lè yanjú rẹ̀, ìṣírò ni yóò yanjú rẹ̀. Ìṣírò mẹ́rin ni, ọmọ ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ sì lè ṣe wọ́n. Ẹ mú bírò àti ìwé.

ÌṢÍRÒ KÌÍNÍ: EPO TÍ Ó Ń MU

Lítà bẹntiróòlù kan tí ẹ́ńjìnnì bá jó ń tú nǹkan bíi kìlógíráàmù 2.3 kábọ́ọ̀nù dayọ́kísáìdì sójú ọ̀run. Ti dísẹ̀lì tó nǹkan bíi 2.7. Ẹnì kan lè sọ pé lítà bẹntiróòlù kan kò tilẹ̀ wúwo tó kìlógíráàmù kan, báwo ni ohun tó jáde nínú rẹ̀ yóò ṣe wúwo jù ú lọ? Ìdí rẹ̀ ni pé bí epo ti ń jó, ó ń fa ọ́síjìn mọ́ra láti inú afẹ́fẹ́. Bí gàrí ni: gàrí tí a bu omi sí ń wúwo ju gàrí gbígbẹ lọ.

Afẹ́fẹ́ yìí kò ní òórùn, kì í sì í mú ènìyàn wúkọ́. Ṣùgbọ́n ó ń pẹ́ lójú ọ̀run ju ọjọ́ ayé wa lọ, ó sì ń bo ayé bí aṣọ òtútù tó nípọn, tí ooru kò fi rí ọ̀nà jáde. Ohun tó ń mú kí ooru ayé máa pọ̀ sí i, tí òjò sì ń yẹ̀ lásìkò rẹ̀ mọ́ àgbẹ̀ lọ́wọ́, nìyẹn.

Nísinsin yìí, ẹ jẹ́ kí a ṣírò. Porsche 911 ti òde òní ń mu nǹkan bíi lítà 10 sí 11 láti rin 100 kìlómítà. Ká ní ọ̀nà tí ọmọ náà ń rìn lọ́dún kò ju 5,000 kìlómítà lọ, tí ọkọ̀ rẹ̀ sì ń mu lítà 11 fún 100 kìlómítà: lítà 550 ni yóò jó, èyí sì jẹ́ kìlógíráàmù 1,265. Ká ní bàbá ń rin 20,000 kìlómítà lọ́dún, tí tòkunbọ̀ rẹ̀ ń mu lítà 9 fún 100 kìlómítà: lítà 1,800 ni, èyí jẹ́ kìlógíráàmù 4,140. Ti bàbá ju ti ọmọ lọ ní ìlọ́po mẹ́ta. Ẹ̀kọ́ àkọ́kọ́ nìyí: bí a ṣe ń rìn tó ṣe pàtàkì bí irú ọkọ̀ tí a fi ń rìn.

Ṣùgbọ́n ẹ má gbàgbé eré. Bí a bá sọ eré ọkọ̀ di ìlọ́po méjì, agbára tí afẹ́fẹ́ fi ń dojú kọ ọ́ ń di ìlọ́po mẹ́rin, ẹ́ńjìnnì á sì mu epo sí i láti borí rẹ̀. Ẹni tó ra ọkọ̀ asáré, ṣé ó rà á láti máa rọra rìn ni?

ÌṢÍRÒ KEJÌ: IYE ÈNÌYÀN TÍ Ó Ń GBÉ

Ibí yìí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń fò dá. Ẹni tó bá kúrò ní Àjàṣẹ́ lọ sí Ìlọrin tó sì padà, lẹ́yìn náà tó tún lọ sí Ọ̀fà bọ̀, yóò rin nǹkan bíi 100 kìlómítà. Bí ọmọ náà bá dá rìn ín nínú ọkọ̀ rẹ̀, kìlógíráàmù 25 ni ó wà lọ́rùn òun nìkan. Bí bàbá bá gbé oníṣòwò mẹ́rin, kìlógíráàmù 20.7 ni gbogbo rẹ̀. Bí a bá pín in fún àwọn márààrún, kò ju mẹ́rin àti díẹ̀ lọ fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Bọ́ọ̀sì tó ń mu lítà 13, tó gbé ènìyàn 15, ń tú nǹkan bí 30 jáde. Méjì péré ló kan ẹnì kọ̀ọ̀kan.

Ẹ wò ó bí òṣùwọ̀n ti yí padà! Ẹni tó dá jókòó nínú ọkọ̀ asáré gba ti ènìyàn mẹ́fà nínú ọkọ̀ bàbá, ó sì ju ti èrò 12 nínú bọ́ọ̀sì lọ.

ÌṢÍRÒ KẸTA: RÍRỌ Ọ ÀTI PÍPẸ́ RẸ̀

Kí ọkọ̀ tó mu epo àkọ́kọ́ ni ó ti jẹ gbèsè. A wa irin, a yọ́ ọ. A ṣe dígí, rọ́bà àti wáyà. A fi ọkọ̀ ojú omi gbé e wá. Àwọn onímọ̀ fojú bù ú pé rírọ ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ elépo kan ń tú nǹkan bíi tọ́ọ̀nù 6 sí 10 jáde. Ẹ jẹ́ kí a mú 8, èyí tí í ṣe kìlógíráàmù 8,000. Bí a bá lo ọkọ̀ náà fún 20 ọdún, 400 ni yóò kan ọdún kọ̀ọ̀kan. Bí a bá sáré pa á ní ọdún kejì, 4,000 ni, láì ka ẹ̀mí tó lè bá a lọ. Ìdí nìyẹn tí títọ́jú ọkọ̀ kí ó pẹ́ fi jẹ́ ìwà ọmọlúwàbí sí àyíká. Ní ti èyí, bàbá gba máàkì.

Àwọn kan á ní kí á kúkú ra èyí tó ń lo iná mànàmáná. Ó dára, ṣùgbọ́n rírọ bátìrì rẹ̀ ń fi kún gbèsè ìbẹ̀rẹ̀. Bí iná tó ń gbà bá jẹ́ ti omi, bíi ti ìdídò Kainji tí wọ́n ṣí ní 1969, tàbí ti oòrùn, yóò san gbèsè náà tán, yóò sì jèrè. Bí ó bá jẹ́ jẹnẹrétọ̀ la fi ń gba iná sí i, èéfín náà kúrò lábẹ́ ọkọ̀ ni, ó bọ́ sí ẹ̀yìnkùlé.

ÌṢÍRÒ KẸRIN: ÈÉFÍN ÀTI ÀYÀ WA

Èyí ni ó kan iṣẹ́ tèmi jù lọ. Ìlú wa wà ní oríta: ọ̀nà Ìlọrin, ọ̀nà Òmù-Àràn àti ọ̀nà Ọ̀fà pàdé níbẹ̀. Tírélà ń dúró, wọn kì í pa ẹ́ńjìnnì. Àwọn ìyá ń tajà lẹ́bàá wọn, ọmọ ń bẹ lẹ́yìn wọn. Ọmọdé ń mí léraléra ju àgbà lọ, gíga rẹ̀ sì súnmọ́ ẹnu sàlẹ́ńsà. Èéfín náà ní eruku tó kéré tó bẹ́ẹ̀ tí imú kò lè sẹ́ ẹ. Ó ń wọ inú ẹ̀dọ̀fóró lọ, díẹ̀ nínú rẹ̀ a sì wọ inú ẹ̀jẹ̀. Ó ń ru ikọ́ fée, tí a ń pè ní ásímà, sókè. Ó ń kún ìdí àrùn ọkàn àti àrùn rọpárọsẹ̀. Ní 2012, ẹ̀ka Àjọ Ìlera Àgbáyé tó ń ṣèwádìí jẹjẹrẹ kéde pé èéfín dísẹ̀lì ń fa jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró.

Kí ló ń mú kí èéfín ọkọ̀ kan burú ju ti èkejì lọ? Àkọ́kọ́ ni kátálísítì, ìkòkò kékeré tó wà lára páìpù èéfín, tó ń sọ ọ̀pọ̀ májèlé di ohun tí kò le tó bẹ́ẹ̀. Irin olówó iyebíye wà nínú rẹ̀, ìdí nìyẹn tí àwọn kan fi ń gé e tà. Èkejì ni imí-ọjọ́ inú epo, tó ń ba kátálísítì jẹ́. Láti 2009 ni epo mọ́tò ilẹ̀ Yúróòpù kò ti gbọdọ̀ ní ju ìpín 10 imí-ọjọ́ nínú mílíọ̀nù kan. Ní 2020, àwọn mínísítà ECOWAS fẹnu kò sí ìpín 50 fún Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà, wọ́n sì ní kí ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ àlòkù tí a ń kó wọlé má ju ọdún 5 lọ. Ẹ̀kẹta ni ọjọ́ orí ọkọ̀. Ní 2020 yìí kan náà, ìwádìí ìjọba ilẹ̀ Netherlands lórí àlòkù tó ń gba èbúté wọn wá sí Áfíríkà fi hàn pé púpọ̀ jù lọ wọn wà láàárín ọdún 16 sí 20, ìwé ẹ̀rí pé wọ́n yẹ lójú pópó sì ti kú mọ́ ọ̀pọ̀ wọn lọ́wọ́.

Kí ẹnikẹ́ni má sọ pé kò sí ohun tí a lè ṣe sí i. Nígbà kan, òjé ń bẹ nínú bẹntiróòlù, ó sì ń ba ọpọlọ ọmọdé jẹ́. Ní ìbẹ̀rẹ̀ 2006, àwọn orílẹ̀-èdè gúúsù Sàhárà pa á tì. Ní 2021, Àlùjéríà tó kẹ́yìn ní gbogbo ayé pa á tì pẹ̀lú.

TA LÓ JÀRE?

Gbèsè méjì ni ọkọ̀ ń jẹ: gbèsè ayé àti gbèsè àyà. Ní ti gbèsè ayé, ọkọ̀ asáré jẹ̀bi, nítorí ó ń mu púpọ̀, ẹnì kan ló sì ń gbé, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé kì í rìn púpọ̀. Ní ti gbèsè àyà, tòkunbọ̀ tí wọ́n ti gé kátálísítì rẹ̀, tó ń rú èéfín dúdú, jẹ̀bi ju ọkọ̀ asáré tuntun lọ. Nítorí náà, kí bàbá tún tirẹ̀ ṣe, kí ọmọ sì ra ọkọ̀ oníwọ̀nba, oníjòkòó márùn-ún, tí kò mu ju lítà 7 lọ. Bí àwọn méjèèjì bá ṣe bẹ́ẹ̀, gbèsè méjèèjì yóò dínkù.

OHUN TÍ ONÍKÁLUKÚ LÈ ṢE

1. Ẹ wo àwọ̀ èéfín. Bí ó bá dúdú, epo ń pọ̀ jù tàbí ibi tó ń gba afẹ́fẹ́ ti dí. Bí ó bá rí bí aró, ọ́ìlì ẹ́ńjìnnì ló ń jó. Bí ó bá funfun tí kò sì lọ, omi ń wọ ẹ́ńjìnnì. Ẹ gbé e lọ fún mẹkáníìkì.

2. Bí mẹkáníìkì bá ní òun fẹ́ gé kátálísítì, ẹ sọ pé rárá.

3. Ẹ máa fẹ́ táyà bó ṣe yẹ. Táyà tó rọ̀ ń mu epo.

4. Ẹ má ṣe tan ọkọ̀ tàbí jẹnẹrétọ̀ sínú gáráàjì tí a tì, tàbí lábẹ́ fèrèsé. Kábọ́ọ̀nù mónóksáìdì kò ní òórùn, a máa pa ènìyàn lójú oorun. Bí ó bá kọlu ẹnì kan, ẹ gbé e jáde síbi afẹ́fẹ́ kíákíá, ẹ má da epo pupa sí i lẹ́nu, ẹ gbé e lọ sí ọsibítù.

5. Ẹ̀yin tó ń tajà lóríta, ẹ sún àtẹ yín kúrò lẹ́bàá ibi tí tírélà ń dúró sí.

6. Bí ọmọ tó ní ásímà kò bá lè sọ gbólóhùn kan tán, tí ìhà rẹ̀ ń wọlé bó ti ń mí, tàbí tí ètè rẹ̀ ń dúdú, ẹ má dúró de ilẹ̀ mọ́. Ẹ fún un ní oògùn fífà sẹ́nu rẹ̀, kí ẹ sì máa gbé e lọ sí ọsibítù.

Àwọn àgbà wa ní, bí ará ilé ẹni bá ń jẹ kòkòrò búburú, tí a kò bá sọ fún un, hùrùhẹ̀rẹ̀ rẹ̀ kò ní jẹ́ kí a sùn lóru. Èéfín kò mọ ilé olówó yàtọ̀ sí ti tálákà. Kí ẹ tó san owó ọkọ̀, ẹ kọ́kọ́ ṣe ìṣírò mẹ́rin yìí.

Ó di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ o.