Ọkà Báálì àti Irú fún Ìgbà Òtútù

Àbúrò mi, sún mọ́ mi kí n sọ̀rọ̀ sí ọ létí. Tí òtútù Jánúárì bá ti ń gé ènìyàn létí ní Lọ́ńdọ̀nù, ta ló fẹ́ jókòó ti àwo létíúsì tútù? Síbẹ̀, a ò lè máa fi iyán àti àmàlà lé òtútù lójoojúmọ́. Sàláàdì ọkà lèmi máa ń ṣe, ó sì gbọ́dọ̀ lọ́ wọ́ọ́rọ́.

Ohun tó ń ba irú àdàlú yìí jẹ́ ni kí ènìyàn da dòdò, wàràkàṣì, ẹ̀wà àti sọ́ọ̀sì inú ìgò pọ̀ sójú kan. Ní tèmi, ohun tó kún àwo, ti òyìnbó ni: báálì, elégédé, ewé kéélì. Adùn rẹ̀, tiwa ni.

Báálì tí wọ́n ti bó ni kí o rà, èyí tí àwọn ará Scotland ń fi sínú ọbẹ̀ àgùntàn wọn. Ife 1, omi ife 3, ìṣẹ́jú 30 sí 40. Jẹ́ kí eyín ṣì mọ̀ pé òun ń jẹ nǹkan. Tí dókítà bá ti ní kí ẹnìkan nílé má jẹ àlìkámà, má fún un ní báálì rárá. Ọkà bàbà tí a fi ń ṣe ògì pupa ni kí o rẹ mọ́jú, kí o sè é fún bíi wákàtí kan.

Gé elégédé, fi òróró àti iyọ̀ pa á lára, kí o tì í sínú ófùn títí etí rẹ̀ yóò fi pọ́n. Kéélì kò le: òtútù gan-an ló ń mú ewé náà dùn sí i lóko. Ya ewé kúrò lára igi rẹ̀, rẹ́ ẹ, kí o fi iyọ̀ ra á bí ìyá wa ṣe ń ra ewúro, àmọ́ má fi omi ṣàn án.

Ó wá ku ibi tí ọ̀rọ̀ wà. Da òróró ẹ̀pà ṣíbí ìjẹun 4 sí ìkòkò kékeré, kí iná má pọ̀. Rẹ́ alùbọ́sà sí i, dúró kó pọ́n, kí o tó da irú wóró ṣíbí 1 àti ata gbígbẹ sí i. Sọ̀ ọ́ kalẹ̀, fún ọsàn wẹ́wẹ́ lé e, kí o dà á sórí ọkà lójú ẹsẹ̀, nígbà tí ọkà náà ṣì ń rú èéfín. Ọkà gbígbóná ló ń fa adùn sínú. Èyí tó bá ti tutù, òróró kàn ń yọ̀ lára rẹ̀ ni. Po elégédé àti kéélì mọ́ ọn.

Mo mọ̀ ọ́, ọwọ́ rẹ á ti máa wá epo pupa. Fi í sílẹ̀. Nínú ilé tó tutù, epo á ti dì lórí oúnjẹ kí o tó jẹ ẹ́ dé ìdajì, á sì lẹ̀ mọ́ ọ ní òkè ẹnu.

Nǹkan mìíràn tí ẹnikẹ́ni ò ní sọ fún ọ: kó kọ́ọ̀tù gbogbo kúrò nítòsí kíṣìnì kí irú tó kan òróró. Kọ́ọ̀tù onírun kì í tètè gbàgbé, inú bọ́ọ̀sì ló sì máa ń tú àṣírí ẹni.

Yan egúsí nínú páànù gbígbẹ títí á fi máa ta pàrà-pàrà, kí o wọ́n ọn sí i nígbà tí ẹ bá fẹ́ jẹun, torí kì í pẹ́ rọ̀. Bí ọkọ rẹ bá ní ẹran dà, ya Títùs yíyan lé e lórí. Àwọn òyìnbó náà ń yan ẹja, ó wà ní gbogbo ṣọ́ọ̀bù, kò sì sí ìjà láàárín òun àti irú.

Èyí tó bá ṣẹ́kù lè sun fíríìjì fún ọjọ́ 2. Gbé e lọ síbi iṣẹ́ bí o bá fẹ́, ṣùgbọ́n jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀. Má gbé e wọ inú máíkíróweefù wọn o.