Ìkọ́kọrẹ́ Gidi ní Bùkà: Báwo La Ṣe Ń Dá A Mọ̀?

Ẹ̀kọ́ tí mo mú wá lọ́sẹ̀ yìí dá lórí oúnjẹ kan tó jẹ́ tiwa, àmọ́ tó ti ń ṣòro láti rí rà. Mo béèrè lọ́wọ́ àwọn ọmọ kíláàsì wa pé ta ló jẹ ìkọ́kọrẹ́ ní bùkà lóṣù tó kọjá. Ọwọ́ mẹ́ta péré ló lọ sókè. Nígbà tí mo wá bi àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pé báwo ni ohun tí wọ́n jẹ ṣe rí, àsáró ni ẹnì kan nínú wọn ń ṣàpèjúwe fún mi! Wọ́n bu àsáró fún un, wọ́n pè é ní ìkọ́kọrẹ́, òun náà sì sanwó. Ìyẹn ló jẹ́ kí n gbé bírò.

Ká kọ́kọ́ mọ ìdí tí mo fi ní oúnjẹ tiwa ni. Ìlú Ìkòròdú àti Ẹ̀pẹ́, ọ̀dọ̀ àwọn Ìjẹ̀bú ni gbòǹgbò wọn wà. Àwọn àgbà Ìkòròdú máa ń sọ pé láti Ṣàgámù ní ilẹ̀ Rẹ́mọ ni àwọn tó tẹ ìlú náà dó ti wá, àti pé inú "Oko Òdú" ni orúkọ ìlú ti jáde. Ní ti Ẹ̀pẹ́, apá méjì ló ní: Ìjẹ̀bú Ẹ̀pẹ́ àti Èkó Ẹ̀pẹ́. Nígbà tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì yìnbọn lu Èkó ní oṣù Kejìlá ọdún 1851, tí wọ́n lé Ọba Kòsọ́kọ́ kúrò lórí oyè, Ẹ̀pẹ́ ni òun àti àwọn èèyàn rẹ̀ wá fìdí kalẹ̀ sí. Ọba náà padà sí Èkó ní 1862, àmọ́ ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó tẹ̀ lé e ò padà mọ́. Nígbà tí ìjọba dá Ìpínlẹ̀ Èkó sílẹ̀ ní 1967, Ìkòròdú àti Ẹ̀pẹ́ bọ́ sínú rẹ̀, Ìjẹ̀bú-Òde àti Ṣàgámù sì wà lódìkejì ààlà. Ààlà yẹn ò dé inú ìkòkò ọbẹ̀ ṣá. Ìkọ́kọrẹ́, tí àwọn mìíràn ń pè ní ìfọ́kọrẹ́, kan náà ni wọ́n ń sè ní ìhà méjèèjì.

Ewúrà ni wọ́n fi ń sè é. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi èyí sọ́kàn, torí ibẹ̀ ni gbogbo ọ̀rọ̀ wà. Ewúrà kì í ṣe iṣu funfun tí a fi ń gún iyán. Omi pọ̀ nínú rẹ̀, kì í fà mọ́ra wọn bí èèyàn bá gún un, ìdí nìyẹn tí ẹnikẹ́ni kì í fi í gúnyán. Ṣùgbọ́n tí wọ́n bá rin ín, ó máa ń yọ̀, ó máa ń ki, ó sì máa ń dì mọ́ra wọn nínú omi gbígbóná. Ohun tí kò jẹ́ kó dára fún iyán náà ló jẹ́ kó dára fún ìkọ́kọrẹ́ àti fún ọ̀jọ̀jọ̀.

Bí wọ́n ṣe ń sè é nìyí. Wọ́n á bó ewúrà, wọ́n á fọ̀ ọ́, wọ́n á wá rin ín lára páànù tí wọ́n ti fi ìṣó lu kó lè ní eyín. Ó máa ń yúnni lọ́wọ́ o! Àwọn nǹkan tín-ín-tín kan wà nínú iṣu tútù tó mú bí abẹ́rẹ́, àwọn ló ń gún awọ ara. Iná ló ń pa agbára wọn. Àwọn kan máa ń fi epo pa ọwọ́ kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. Wọ́n á fi iyọ̀ díẹ̀ sí ewúrà tí wọ́n rin náà. Lórí iná, ata rodo, tàtàṣé àti àlùbọ́sà tí wọ́n lọ̀ á ti máa hó pẹ̀lú epo pupa, edé, ẹja gbígbẹ, bóyá pọ̀nmọ́ náà. Omi ọbẹ̀ yẹn gbọ́dọ̀ pọ̀ díẹ̀, kó sì máa hó kutukutu. Ìgbà náà ni wọ́n á fi ọwọ́ tàbí ṣíbí máa gé ewúrà náà sínú rẹ̀ ní kókó-kókó.

Lẹ́yìn ìyẹn, kí wọ́n má fọwọ́ kàn án! Wọ́n á de ìkòkò, wọ́n á dín iná kù, wọ́n á fi í sílẹ̀ fún bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ẹ̀yin ará sáyẹ́ǹsì, ẹ lè ṣàlàyé èyí fún wa: ooru ló kọ́kọ́ mú sítáàṣì ẹ̀yìn kókó náà le, inú sì ń jinná díẹ̀díẹ̀. Bí ẹni tó ń sè é bá kánjú rò ó kí ẹ̀yìn tó dì, gbogbo rẹ̀ á tú sínú ọbẹ̀, á di bí ògì tó ní epo. Tí ó bá jinná, àwọ̀ rẹ̀ á yí padà, wọ́n á rọra rò ó kí díẹ̀ nínú rẹ̀ lè tú, kí ìyókù wà ní kókó. Ìdajì fífọ́, ìdajì kókó: bí ó ṣe yẹ kó rí nìyẹn.

Nítorí náà, tí ẹ bá jókòó sórí bẹ́ǹṣì ní bùkà tí wọ́n gbé abọ́ wá, ẹ wò ó dáadáa. Tí ẹ bá rí iṣu tó ní igun, tí ó hàn pé ọ̀bẹ ló gé e, àsáró ni, ẹ má jẹ́ kí wọ́n tàn yín. Àsáró dùn o, èmi náà fẹ́ràn rẹ̀, àmọ́ orúkọ rẹ̀ ni ká fi pè é. Tí ó bá sì jọ̀lọ̀ láìní kókó kankan, ó ṣeé ṣe kí wọ́n ti rò ó kọjá ààlà. Kókó ìkọ́kọrẹ́ máa ń rọ̀ lẹ́nu, ó sì máa ń yọ̀ díẹ̀. Kókó tí wọ́n fi iṣu funfun ṣe máa ń le, ó sì máa ń gbẹ lẹ́nu.

Kí ló dé tó fi wọ́n báyìí? Mo yà ní bùkà kan ní Ìkòròdú láàárọ̀ ọjọ́ kan, mo kí ìyá olóúnjẹ.

"Ẹ káàárọ̀ mà. Ẹ jọ̀ọ́ mà, ṣé ìkọ́kọrẹ́ wà?"

"Ìkọ́kọrẹ́ kẹ̀? Sátidé nìkan la máa ń sè é, ọmọ mi."

"Kí ló fà á mà?"

"Ta ló fẹ́ máa rin ewúrà lójoojúmọ́? Àwọn ọmọ tó ń bá mi ṣiṣẹ́ ní ó ń yún àwọn lọ́wọ́. Tó bá sì tutù, ó ti ki pọ̀ nìyẹn, mi ò lè gbé e kaná lẹ́ẹ̀mẹ́ta bí ọbẹ̀. Ẹ̀yin náà ńkọ́? Ẹ ò ń bèèrè. Ráìsì lẹ ń jẹ."

Mi ò rí èsì fọ̀. Òótọ́ ni màmá sọ. Ráìsì ni gbogbo wa ń tò fún, pàápàá ní Ìkòròdú tí ilé iṣẹ́ ńlá tó ń lọ ráìsì wà ní Ìmọ́ta, èyí tí wọ́n ṣí ní oṣù Kìn-ín-ní ọdún 2023. Oúnjẹ tí ẹnikẹ́ni ò bèèrè, olóúnjẹ ò ní sè é. Tí ẹni tó mọ̀ ọ́n sè bá sì dàgbà tán láìkọ́ ẹnìkan, abọ́ àsáró tí wọ́n ń pè ní ìkọ́kọrẹ́ yẹn ló máa ṣẹ́ kù.

Ọ̀rẹ́ mi kan ní kíláàsì Jọ́gíráfì wá ta kò mí. Ó ní, "Kí lò ń pè ní gidi? Ṣé ìwọ mọ ibi tí ewúrà ti wá?" Ìbéèrè rẹ̀ lágbára, torí òótọ́ ni pé ewúrà kì í ṣe iṣu ilẹ̀ wa láti ìpilẹ̀ṣẹ̀. Iṣu funfun ló jẹ́ ti Ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà. Apá gúúsù ìlà-oòrùn Éṣíà ni ewúrà ti wá. Ní Philippines, irú rẹ̀ tó ní àwọ̀ àlùkò ni wọ́n ń pè ní ube, wọ́n fi ń ṣe oúnjẹ dídùn àti áísìkiriimù. Ní Nepal, lábẹ́ àwọn òkè Himalaya, wọ́n ní àjọ̀dún kan ní àárín oṣù Kìn-ín-ní tí wọ́n ń pè ní Maghe Sankranti, iṣu sísè sì wà lára ohun tí gbogbo ilé ń jẹ lọ́jọ́ náà. Ẹ ò rí i pé àwọn ará òkè yẹn náà mọ iyì iṣu! Ata ńkọ́? Ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni ata rodo àti tàtàṣé ti wá, ibẹ̀ náà ni gbágùúdá ti wá, lẹ́yìn tí àwọn Potogí bẹ̀rẹ̀ sí í ná ojú òkun. Ọ̀rọ̀ "bùkà" pàápàá, ọ̀dọ̀ àwọn Hausa la ti yá a.

Èsì tí mo fún un ni pé ibi tí irúgbìn ti wá kọ́ ni mò ń sọ. Ọ̀nà tí wọ́n ń gbà sè é ni tiwa. Àwọn ará Éṣíà ní ewúrà, àwọn ará Amẹ́ríkà ní ata, àmọ́ ìyá Ìjẹ̀bú ló rin ín, ló gé e sínú epo pupa, ló ní kí ẹnikẹ́ni má rò ó. Ó ní òun ṣì máa ronú sí i. Ẹ̀yin náà lè kọ èrò yín ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ akọ̀ròyìn.

Ní Ẹ̀pẹ́, ẹja ló máa ń fi ìyàtọ̀ hàn. Ọjà Olúwo wà níbẹ̀, ọjà ẹja tí àwọn èèyàn ń ti àárín Èkó wá ná, ọ̀sà sì wà nítòsí. Èèyàn lè rí epíyà, àrọ̀, ọ̀bọ̀kún àti akàn níbẹ̀, tútù tàbí yíyan. Bùkà tó bá jìnnà sí omi sábà máa ń lo pánla tàbí sáwà. Kò burú, àmọ́ ẹja yíyan láti inú ọ̀sà máa ń fún ọbẹ̀ ní òórùn èéfín kan tí kúùbù inú ìwé ò lè fún un láéláé. Tèmi ni pé kúùbù ti pọ̀ jù ní bùkà ìsinsìnyí.

Ọ̀rọ̀ ìmọ́tótó náà wà níbẹ̀. Ní oṣù Kẹfà ọdún 2024, ìjọba Ìpínlẹ̀ Èkó kéde pé àrùn onígbáméjì, ìyẹn kọ́lẹ́rà, ti bẹ́ sílẹ̀; Ìkòròdú sì wà lára àwọn ìjọba ìbílẹ̀ tí wọ́n kọ́kọ́ dárúkọ. Inú omi àti oúnjẹ tó ti dọ̀tí ni kòkòrò àrùn yẹn ń gbà wọni lára. Ìkọ́kọrẹ́ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò lórí iná ò léwu tó omi tí wọ́n bù sínú kọ́ọ̀bù fún yín. Ẹ fi ọṣẹ wẹ ọwọ́ yín, ẹ wo omi tí wọ́n fi ń ṣan abọ́, tó bá ti dà bí omi ẹrẹ̀, ẹ kí màmá dáadáa, kí ẹ sì máa lọ.

Ó ku ẹ̀bà. Ẹ̀bà ìkọ́kọrẹ́, gààrí Ìjẹ̀bú ni: èyí tó kúnná, tó gbẹ, tó kan nítorí pé wọ́n fi í sílẹ̀ fún ọjọ́ mélòó kan kí wọ́n tó yan án. Rírin, fífún àti yíyan yẹn ló ń lé oró inú gbágùúdá jáde. Àwọn ọmọ Ìjẹ̀bú tó mọ̀ ọ́n jẹ kì í fẹ́ ẹ̀bà gbígbóná sí i; ẹ̀bà tútù ni wọ́n ń bèèrè, ti àná pàápàá, tí wọ́n á bù sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìkọ́kọrẹ́ tó ń gbóná fẹlifẹli. Ẹni tí kò bá tíì jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀ rí, kó dán an wò lọ́jọ́ Sátidé, kó sì tètè dé. Láàárọ̀ ni wọ́n ń rin ewúrà, tó bá fi máa di ọ̀sán, ìkòkò ti ṣófo.