Ẹja Apẹja Inú Ibú

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ wa, Adó-Èkìtì kò ní òkun. Inú yìnyín ni ẹja òkun ń bá dé ọjà wa. Èyí tí mo fẹ́ sọ kì í dé ọjà, nítorí inú ibú tí ìmọ́lẹ̀ oòrùn kò dé ló ń gbé. Egungun tẹ́ẹ́rẹ́ yọ níwájú orí rẹ̀ bí ọ̀pá ìwọ̀. Kòkòrò àìfojúrí tí ń tàn bí fìtílà wà ní ṣóńṣó rẹ̀. Ẹja tó bá wá wo iná di oúnjẹ.

Abo nìkan ló ní fìtílà yìí. Nínú ẹ̀kọ́ Náhù, àmì la fi ń mọ akọ yàtọ̀ sí abo. Níbí, àmì tan àwọn onímọ̀ jẹ. Wọ́n ya àwọn akọ kéékèèké sí ìdílé ọ̀tọ̀, wọ́n pè é ní Aceratiidae. Ní 1922, Bjarni Sæmundsson, ọmọ Iceland, rí ẹja kéékèèké tó lẹ̀ mọ́ abo Ceratias holboelli. Ó rò pé ọmọ rẹ̀ ni. Ní 1925, C. Tate Regan ní Lọ́ńdọ̀nù yẹ irú rẹ̀ wò fínnífínní: ọkọ ni! Ó ti fi ẹnu bu ìyàwó mú, ara wọn ti lẹ̀ pọ̀, ẹ̀jẹ̀ ìyàwó ló ń bọ́ ọ.

Lónìí, ìdílé wọn jẹ́ 11, irú wọn sì lé ní 160. Kì í ṣe gbogbo wọn ló ń lẹ̀ pọ̀ bẹ́ẹ̀: akọ Melanocetus á bu abo mú fúngbà díẹ̀, á sì lọ. Abo Melanocetus kan ni wọ́n rí láàyè lójúmọmọ, nítòsí ojú omi Tenerife, erékùṣù iwájú etíkun Áfíríkà, ní oṣù January 2025.