Ẹ̀KỌ́ TI OṢÙ YÌÍ: BÍ TỌKỌTAYA BÁ PARÍ ÌJÀ, ǸJẸ́ ẸJỌ́ PARÍ?

Ẹ̀kọ́ wa lóṣù yìí dá lórí ohun tí ó yẹ kí àwa àgbà ṣe nígbà tí ọkọ bá lu aya rẹ̀, tàbí tí aya bá ṣe ọkọ rẹ̀ léṣe, tí ọ̀rọ̀ náà sì ti dé ọwọ́ ọlọ́pàá.

Ọ̀pọ̀ nínú wa tí a ti Ìjẹ̀bú, Ọ̀yọ́, Oǹdó tàbí Ìlàjẹ wá ṣòwò tàbí wá ṣiṣẹ́ ìjọba ní Warri ni kò ní bàbá ìyàwó tàbí ẹ̀gbọ́n ọkọ nítòsí. Nítorí náà ni Bàbá Ìjọ, Ìyá Ìjọ àti àwọn àgbà ẹgbẹ́ ṣe di ẹbí fún wa. Bí a bá gbọ́ pé ẹjọ́ ti dé kóòtù, òwe tí ó ń wá sí wa lẹ́nu ni pé a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. A ó sáré, a ó bẹ̀bẹ̀, a ó sì parí ìjà. Ó dára bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ó yẹ kí a mọ ibi tí agbára wa mọ.

1. Ta ni ó ni ẹjọ́?

Ẹ wo ìwé ìpẹ̀jọ́ dáadáa. Bí ó bá jẹ́ pé gbèsè tàbí ilẹ̀ ni a ń jà sí, orúkọ ẹni tí ó pẹjọ́ ni ó máa ń ṣáájú, òun náà sì lè ní kí a fi ẹjọ́ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n bí ó bá jẹ́ ẹ̀sùn ọ̀daràn, Kọmíṣọ́nnà Ọlọ́pàá tàbí Ìpínlẹ̀ ni ẹ ó rí níwájú. Ẹlẹ́rìí ni aya tí wọ́n lù jẹ́ níbẹ̀. Ó lè dárí ji ọkọ rẹ̀ tọkàntọkàn, síbẹ̀ òun kọ́ ni ó ni ẹjọ́. Àní Òfin Ẹ̀rí ti ọdún 2011 sọ pé bí a bá fi ẹ̀sùn kan ẹnìkan pé ó lu ọkọ tàbí aya rẹ̀, kóòtù lè fi dandan mú ẹni tí wọ́n lù wá jẹ́rìí.

2. Irú ẹjọ́ wo ni kóòtù lè jẹ́ kí a parí?

Òfin kò kórìíra àlàáfíà. Láti ayé àwọn Òyìnbó ni òfin kóòtù májísíréètì ti fún adájọ́ láyè láti ran àwọn tí ó ń jà lọ́wọ́ kí wọ́n parí ọ̀rọ̀, bí ó bá jẹ́ ìlùni lásán tàbí ẹ̀ṣẹ̀ kékeré mìíràn. Ṣùgbọ́n adájọ́ ni yóò fọwọ́ sí àdéhùn náà, ìbáà ṣe owó gbà-má-bínú tàbí ohun mìíràn, kí ó tó fòpin sí ẹjọ́.

Ẹ kíyè sí ààlà rẹ̀. Nínú Òfin Ìwà Ọ̀daràn tí a ń lò ní gúúsù Nàìjíríà, ìjìyà ìlùni lásán kò ju ẹ̀wọ̀n ọdún 1 lọ (abala 351). Bí ìlùni náà bá ṣe ènìyàn léṣe, ó di ọdún 3 (abala 355). Bí ó bá jẹ́ ìpalára ńlá, ó di ọdún 7 (abala 335). Ẹ̀ṣẹ̀ tí ìjìyà rẹ̀ bá ti tó ọdún 3 ti di ẹ̀ṣẹ̀ ńlá lójú òfin. Nítorí náà, bí ẹ̀jẹ̀ bá ti jáde tàbí tí eyín bá ti ká, ọ̀rọ̀ náà ti kọjá ohun tí a lè parí nínú pálọ̀ àgbà ìjọ.

3. Ta ni ó lè dá ẹjọ́ ńlá dúró?

Abala 211 nínú Ìwé Òfin Ilẹ̀ wa ti 1999 fún Agbẹjọ́rò Àgbà Ìpínlẹ̀ ní agbára láti dá ẹjọ́ ọ̀daràn dúró kí ìdájọ́ tó wáyé. Ó gbọ́dọ̀ ro ire ará ìlú àti òdodo mọ́ ọn. Bí ẹ bá ní ẹ̀bẹ̀, ẹ jẹ́ kí lọ́yà kọ ọ́ sí i.

Agbẹjọ́rò ìjọba pẹ̀lú lè fa ẹ̀sùn sẹ́yìn. Òfin ìjọba àpapọ̀ ti 2015 lórí ìgbẹ́jọ́ ọ̀daràn sọ pé bí ó bá ṣe bẹ́ẹ̀ kí a tó ní kí ẹni tí a fẹ̀sùn kàn wí ti ẹnu rẹ̀, wọ́n lè tún gbé ẹjọ́ kan náà dìde. Kí ẹni tí a dá sílẹ̀ lónìí má ṣe rò pé a ti da ọ̀rọ̀ náà sómi.

4. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é nílẹ̀ mìíràn

Ní Gánà, òfin ìwà ipá nínú ilé ti 2007 gbà kí kóòtù fi ẹjọ́ tí kò le ránṣẹ́ sí ibi ìparí ìjà, bí ẹni tí wọ́n lù bá fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n kò parí síbẹ̀: a ó rán àwọn méjèèjì lọ gba ìmọ̀ràn, a ó sì yan òṣìṣẹ́ ìjọba kan tí yóò máa ṣọ́ ìwà ẹni tí ó lu èkejì, tí yóò sì máa jíṣẹ́ fún kóòtù. Ní Íńdíà, Ilé Ẹjọ́ Gíga Jùlọ sọ ní 2003 pé a lè fagi lé ẹjọ́ tọkọtaya tí ó ti parí ìjà wọn. Ní 2012 ó fi ààlà sí i pé ìpànìyàn àti ìfipábánilòpọ̀ kò sí lára irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀.

5. Ìkìlọ̀ fún àwa alárinà

Abala 127 nínú òfin wa sọ pé ẹnikẹ́ni tí ó bá béèrè tàbí gba owó tàbí ẹ̀bùn kí ó lè bo ẹ̀ṣẹ̀ ńlá mọ́lẹ̀, tàbí kí ó má jẹ́rìí sí i, ti dẹ́ṣẹ̀ fúnra rẹ̀. Ó lè ṣẹ̀wọ̀n ọdún 3, ó sì lè tó 7. Ẹ̀yin òṣìṣẹ́ ìjọba, ẹ rántí iṣẹ́ yín. Ẹ̀yin oníṣòwò, ẹ rántí orúkọ yín.

Ọ̀rọ̀ kan sì tún wà tí ó ju ẹ̀wọ̀n lọ. Ní oṣù kẹrin 2022 ni akọrin ìhìnrere, Osinachi Nwachukwu, kú ní Abuja. Ní oṣù kẹrin 2025, ilé ẹjọ́ gíga níbẹ̀ dá ọkọ rẹ̀ lẹ́bi ikú náà, ó sì dájọ́ ikú fún un. Àwọn ọmọ wọn ni ìyà náà ṣẹ́ kù sí lọ́wọ́. Kò sí àgbà tí ó lè parí irú èyí mọ́.

Nítorí náà, bí a bá pè yín sí ìparí ìjà, ẹ kọ́kọ́ mú ẹni tí wọ́n lù lọ sí ọsibítù. Ẹ bá a sọ̀rọ̀ ní òun nìkan, kí ọkọ àti ẹbí ọkọ má sí níbẹ̀. Bí ó bá ní ẹ̀rù ń ba òun, ẹ wá ibi tí yóò sùn fún un kí ẹ tó sọ ti àdéhùn. Bí ó bá fẹ́ àlàáfíà tinútinú, tí ọ̀ràn náà sì kéré, ẹ gbé àdéhùn yín lọ síwájú adájọ́ ní gbangba, kí ẹ sì máa bẹ ilé náà wò lẹ́yìn rẹ̀.

Ìbéèrè fún ìjíròrò

1. Kí ni ó fà á tí ìdáríjì aya kò fi lè fòpin sí ẹjọ́ ọ̀daràn fúnra rẹ̀?
2. Ìyàtọ̀ wo ni ó wà láàrin owó gbà-má-bínú tí adájọ́ fọwọ́ sí àti owó tí a fi pa ẹlẹ́rìí lẹ́nu mọ́?
3. Ta ni nínú ẹgbẹ́ yín tí ó lè gba obìnrin tí ẹ̀rù ń bà sílé lálẹ́ òní?