Fífi Omi Jẹun: Ṣe Èyí, Má Ṣe Ìyẹn

Ọmọ tó ń já gbogbo ẹgbẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ nínú púùlù, tó sì ń lálàá Òlíńpíìkì, òun ni mò ń bá sọ̀rọ̀, òun àti àwọn òbí tó máa san owó kóòṣì. Pé kó múra sí iṣẹ́, kó máa jí ní kùtùkùtù, ẹ ti gbọ́ ìyẹn tó. Àwọn tó dé òkè lágbára tán. Nǹkan kéékèèké ló ń gbé wọn ṣubú.

Ṣe èyí: gbá ògiri. Ó dún bí àwàdà, àbí? Ní Beijing lọ́dún 2008, nínú ìlúwẹ̀ẹ́ labalábá 100 mítà, Milorad Cavic ti Serbia ló ṣíwájú Michael Phelps ti Amẹ́ríkà títí ó fi ku díẹ̀ kí wọ́n dé òpin. Cavic na ọwọ́ méjèèjì síwájú, ó jẹ́ kí omi máa gbé òun lọ. Phelps tún ju apá lẹ́ẹ̀kan sí i, ó sì gbá ògiri. 50.58 ni ti Phelps, 50.59 ni ti Cavic. Ọdún mẹ́rin lẹ́yìn náà ní Lọ́ńdọ̀nù, nínú labalábá 200 mítà, Phelps fúnra rẹ̀ ló na ọwọ́, tó ń yọ̀ bọ̀ létí ògiri. Chad le Clos, ọmọ Gúúsù Áfíríkà, já wúrà gbà lọ́wọ́ rẹ̀: 1:52.96 sí 1:53.01. Ohun tó fi gba wúrà ní Beijing, àìṣe é ló jẹ́ kó pàdánù wúrà ní Lọ́ńdọ̀nù. Nítorí náà, nígbà ìdánrawò, kódà bó bá ti rẹ̀ ọ́, tí kóòṣì sì ti kọ ẹ̀yìn sí ọ, gbá ògiri náà bí ẹni tó jẹ ọ́ lówó.

Má ṣe wo lénì ẹlòmíì. Le Clos kan náà ni, ní Rio lọ́dún 2016. Òun àti Phelps tún pàdé nínú labalábá 200 mítà, lénì wọn fẹ̀gbẹ́ kan ara wọn. Ayàwòrán kan ká a mọ́ ibi tó ti yíjú sí Phelps, nígbà tí Phelps ń wo iwájú ní tiẹ̀. Phelps gba wúrà. Le Clos ṣe ipò kẹrin, kò mú nǹkan kan délé nínú ìdíje yẹn.

Ṣe èyí: máa ka iye ìgbà tí o ju apá. Ní Beijing yẹn náà, omi kún inú awò ojú Phelps nínú labalábá 200 mítà, kò rí ibi tó ń lọ mọ́. Ó mọ iye apá tó máa ń gbé òun dé ògiri, ó ń kà á lọ lọ́kàn. Ó gba wúrà, ó sì tún fi 1:52.03 gba ipò ẹni tó yára jù lọ láyé.

Ṣe èyí: mọ òfin ju kóòṣì rẹ lọ. Nínú labalábá àti ìlúwẹ̀ẹ́ ọ̀pọ̀lọ́, ọwọ́ méjèèjì ló gbọ́dọ̀ kan ògiri pa pọ̀. Bí ọ̀kan bá ṣáájú èkejì, iṣẹ́ rẹ wọ̀gbẹ́. Nínú labalábá, fríìsítáìlì àti ìlúwẹ̀ẹ́ ẹ̀yìn, orí rẹ gbọ́dọ̀ ti yọ lójú omi kí o tó kọjá 15 mítà. Ẹni tó bá sì bẹ́ sómi kí àmì tó dún, ilé ló kàn. Kò sí káàdì aláwọ̀ ìyeyè níbí bíi ti bọ́ọ̀lù.

Má ṣe gbé ohun tí o kò mọ ohun tó wà nínú rẹ̀ mì. Níbí ni mo ti fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀. Rick DeMont, ọmọ Amẹ́ríkà, jẹ́ ọmọ ọdún 16 nígbà tó gba wúrà nínú fríìsítáìlì 400 mítà ní Munich lọ́dún 1972. Oògùn ikọ́ fée tó ń lò ní ephedrine, ohun tí wọ́n fòfin dè, nínú. Ó ti kọ orúkọ oògùn náà sínú fọ́ọ̀mù rẹ̀. Àwọn àgbà tó kó o lọ ni kò bá a ṣe ètò tó yẹ. Wọ́n gba wúrà náà padà. Lọ́dún 2019, wọ́n bá Ligandrol, oògùn tí wọ́n fòfin dè, lára Shayna Jack, òmùwẹ̀ ọmọ Ọsirélíà. Ilé ẹjọ́ eré ìdárayá gbà pé kò mọ̀ọ́mọ̀ lò ó, síbẹ̀ ọdún méjì gbáko ni kò fi díje. Ó padà wá gba wúrà pẹ̀lú àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Paris lọ́dún 2024, ṣùgbọ́n ta ló máa dá ọdún méjì yẹn padà fún un?

Ní tiwa, agbo ni kí ẹ ṣọ́ra fún. Ìyá àgbà á gbé ìgò kan wá, wọ́n ti se é, wọ́n ti sẹ́ ẹ, wọ́n ní kí ọmọ àwọn mu ún kí ara rẹ̀ lè le. Ẹni tó bá mọ ìyá àgbà mọ̀ pé kò rọrùn láti sọ fún wọn pé rárá. Kí ọmọ kúnlẹ̀, kó dọ̀bálẹ̀, kó dúpẹ́, kó má mu ún. Egbò àti ewé inú ìgò yẹn, kò sí láàbù tó yẹ̀ wọ́n wò. Èyí kan hóró tí ọ̀rẹ́ fún un ní yàrá ìdárayá pẹ̀lú.

Ṣe èyí: sùn síbi tí o sọ pé o máa sùn. Àwọn òmùwẹ̀ ńláńlá tí orúkọ wọn wà nínú ìwé àwọn tó ń ṣàyẹ̀wò oògùn gbọ́dọ̀ yan wákàtí kan lójoojúmọ́, kí wọ́n sọ ibi tí wọ́n máa wà. Bí o bá kọ Surulere, tí ẹ̀gbọ́n rẹ wá fà ọ́ lọ sí òde ìyàwó n'Ìbàdàn, tí wọ́n sì kan ilẹ̀kùn, wọ́n ti kà á sí ọ lọ́rùn. Bó bá pé ẹ̀ẹ̀mẹta láàárín oṣù 12, ẹ̀ṣẹ̀ ni, bí o kò tilẹ̀ fẹnu kan oògùn rí.

Má ṣe gbẹ́kẹ̀ lé aṣọ. Ní Róòmù lọ́dún 2009, aṣọ oníke kan bayé jẹ́: 43 ni àkọsílẹ̀ àgbáyé tó wó níbi ìdíje kan ṣoṣo. Nígbà tó fi di oṣù kìíní ọdún 2010, wọ́n ti fòfin dè é. Lónìí, láti ìbàdí dé orúnkún ni ti ọkùnrin, láti èjìká dé orúnkún ni ti obìnrin. Ẹ̀yin tí ẹ dirun ńlá, fìlà Soul Cap tí wọ́n kọ̀ lọ́dún 2021, wọ́n ti gbà á láyè láti ọdún 2022.

Má ṣe ní ìlú rẹ kéré. Púùlù 50 mítà kan ṣoṣo ló wà ní Suriname nígbà tí Anthony Nesty lọ sí Seoul lọ́dún 1988. Nínú labalábá 100 mítà, ó fi 53.00 na Matt Biondi ti Amẹ́ríkà tó ṣe 53.01. Kirsty Coventry kúrò ní Harare lọ sí Yunifásítì Auburn ní Amẹ́ríkà, ó kó àmì-ẹ̀yẹ Òlíńpíìkì méje jọ, òun náà ló sì di ààrẹ ìgbìmọ̀ Òlíńpíìkì àgbáyé lọ́dún 2025. Ẹ kíyè sí i pé ilé ìwé Amẹ́ríkà ló tọ́ àwọn méjèèjì dàgbà. Ọmọ tó bá pa ìwé tì nítorí omi ti dí ọ̀nà tó dáa jù mọ́ ara rẹ̀. A ṣì jìnnà o: Abiola Ogunbanwo wẹ fríìsítáìlì 100 mítà fún Nàìjíríà ní Tokyo, 59.74, kò sì sí obìnrin Nàìjíríà tó tíì yára tó bẹ́ẹ̀ nígbà náà. 51.96 ló gba wúrà.

Má ṣe fi páásìpọ́ọ̀tù rẹ sílẹ̀ fún àwọn ọ̀gá. Gbogbo ayé ló mọ Eric Moussambani ti Equatorial Guinea ní Sydney lọ́dún 2000. Kò tíì pé ọdún kan tó ti ń kọ́ ìlúwẹ̀ẹ́, kò sì rí púùlù 50 mítà rí. Àwọn méjì tó yẹ kí wọ́n bá a díje bẹ́ sómi kí àmì tó dún, wọ́n lé wọn. Òun nìkan ló wẹ 100 mítà náà ní 1:52.72, èrò ń pariwo. Ibẹ̀ ni ọ̀pọ̀ ti dá ìtàn rẹ̀ dúró. Ṣùgbọ́n ó padà sílé, ó ṣiṣẹ́ títí tí àkókò rẹ̀ fi wọ abẹ́ ìṣẹ́jú àáyá 57. Nígbà tí Athens 2004 dé, ọ̀rọ̀ físà ni kò jẹ́ kó lọ. Ẹni tó gé àkókò rẹ̀ sí ìdajì, ìwé ló dá a dúró.

Ẹ̀yin òbí, kí ẹ tó ra aṣọ ìdíje olówó gọbọi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ yẹ ọjọ́ tí páásìpọ́ọ̀tù ọmọ náà máa parí wò. Bó bá ti ń sún mọ́, ẹ lọ tún un ṣe lọ́sẹ̀ yìí.